Àtẹ̀gùn Tó Pa Ìyáàfin Ògúnrìndé ni Wọ́n Fi Ọ̀dà Funfun Kùn

Ìyáàfin Olúkẹ́mi Ògúnrìndé, olùkọ́ Gẹ̀ẹ́sì wa, kú sórí àtẹ̀gùn. Kì í ṣe lórí ibùsùn, kì í ṣe ní ọsibítù, kì í ṣe nínú mọ́tò lọ́nà Papalanto. Orí àtẹ̀gùn ilé-ẹ̀kọ́ wa n'Ìbarà ni, lórí ìpele kẹtàlélógún nínú márùndínláàádọ́ta, lọ́jọ́ Túsìdeè kan nínú oṣù kejì ọdún yìí, pẹ̀lú ìdì ìwé ìdánwò wa lábẹ́ abíyá. Wọ́n di irin àtẹ̀gùn mú, wọ́n jókòó jẹ́jẹ́ bí ẹni tó fẹ́ tún okùn bàtà so, wọn ò sì dìde mọ́. Aago mẹ́wàá òwúrọ̀ ku ìṣẹ́jú márùn-ún ni. Mo mọ̀, torí èmi ni mò ń wo aago, mò ń bẹ Ọlọ́run pé kí wọ́n má tètè dé, nítorí mi ò tíì ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá. Àdúrà mi ò gbà rí nílé ayé mi. Èyí gbà.

Ẹni tí kò bá mọ àtẹ̀gùn wa, kó má sọ fún mi pé òun ti gun òkè rí. Olúmọ tí àwọn àlejò ń sanwó gùn, ọmọ jẹ́lé-ó-sinmi ni lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ewúrẹ́ kan gùn ún lọ́dún tó kọjá, mo lérò pé kò tíì sọ̀ kalẹ̀ dòní. Àwa tá a jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún gan-an, tá a bá dókè, a máa ń wo ara wa bí ẹni tó ti ogun bọ̀. Ẹ wá fi obìnrin ẹni ọdún méjìdínlọ́gọ́ta sí i, ẹni tí dókítà ti kọ ọ́ sínú ìwé fún pé ọkàn rẹ̀ ti wú, pé kó jìnnà sí àtẹ̀gùn. Ẹ̀ẹ̀mẹrin lójúmọ́, fún ọdún mẹ́ta. Ẹ bá mi ṣírò ẹ̀. Èmi ò fẹ́ mọ iye tó jẹ́.

Èmi náà jẹ̀bi, ẹ jẹ́ kí n tètè sọ ọ́ kí ẹlòmíràn tó bá mi sọ ọ́. Èmi ni mo sọ Ìyáàfin ní Réluwéè. Tí wọ́n bá ti dé nǹkan bí ìpele ogún, ẹ ó máa gbọ́ fìì, fìì, fìì, èmi á sì ní, "Ẹ kúrò lójú irin o, ó ti ń bọ̀." Gbogbo kíláàsì á bú sẹ́rìn-ín. Lọ́jọ́ kan wọ́n gbọ́ mi. Wọ́n dúró lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n wò mí, wọ́n ní, "Tóbilọ́ba, réluwéè Ẹ̀gbá kì í tètè dé, ṣùgbọ́n ó máa ń dé. Jókòó." Àwọn fúnra wọn wá bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín, wọ́n rín in títí tí wọ́n fi di ògiri mú, ètè wọn sì dúdú bí ẹni tó lá tàdáwà. Ọjọ́ yẹn ni mo jáwọ́. Ó yẹ kí n ti jáwọ́ tipẹ́.

Ẹni mímọ́ kọ́ ni obìnrin tí mò ń sọ yìí o. Wọ́n máa ń ju ṣọ́ọ̀kì, ó sì máa ń bani. Wọ́n ń jẹ gúgúrú nínú kíláàsì, wọ́n á sì na ọmọ tó bá jẹ gúgúrú nínú kíláàsì. Mo kọ lẹ́tà irọ́ kan rí lórúkọ màmá mi, pé ara mi ò yá, pé kí wọ́n yọ̀ǹda mi kúrò nínú eré sísá. Ìyáàfin gba lẹ́tà, wọ́n kà á, wọ́n mú bírò pupa, wọ́n máàkì rẹ̀. Mẹ́rin nínú mẹ́wàá. Wọ́n kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀ pé, "Ìyá rẹ mọ Gẹ̀ẹ́sì jù báyìí lọ. Gbé e fún un kó fọwọ́ sí i." Ojú tì mí títí dé eegun. Láti ìgbà náà ni mo ti mọ bí wọ́n ṣe ń kọ lẹ́tà, òun ni mo sì fi ń kọ èyí.

Ẹ ó bi mí pé kí ló wá gbé ẹni tí ọkàn rẹ̀ ti wú lọ sí orí òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì. Ìbéèrè gidi nìyẹn. Ìsàlẹ̀ ni kíláàsì wa wà tẹ́lẹ̀. Lọ́dún mẹ́ta sẹ́yìn, Ẹgbẹ́ Àwọn Akẹ́kọ̀ọ́ Àtijọ́ dé, wọ́n ní àwọn fẹ́ ṣe ilé-ẹ̀kọ́ lóore. Wọ́n kó wa jáde. Wọ́n tẹ́ táìsì, wọ́n so ẹ̀rọ amúlétutù mẹ́ta, wọ́n kó àga tìmùtìmù wọlé, wọ́n kọ "Gbọ̀ngàn Àlejò Pàtàkì" sára ilẹ̀kùn. Wọ́n gé rìbọ́nnì, wọ́n ya fọ́tò, wọ́n ti ilẹ̀kùn pa. Ẹ̀ẹ̀mẹta péré ni mo rí i kí wọ́n ṣí i láti ìgbà náà. Ẹ̀ẹ̀kan fún Ẹnjiníà Ọbáfẹ́mi, ààrẹ ẹgbẹ́ náà. Ẹ̀ẹ̀kan fún ìyàwó rẹ̀. Ẹ̀ẹ̀kẹta, wọ́n fẹ́ lé ológbò kan tó gba ojú fèrèsé wọlé lọ bímọ sórí àga. Ológbò náà ti lo ọ̀sẹ̀ méjì níbẹ̀ kí wọ́n tó rí i. Ìyáàfin Ògúnrìndé ò lo ìṣẹ́jú kan.

Kì í ṣe pé wọn ò béèrè. Lẹ́tà mẹ́ta ni wọ́n kọ sí ọ̀gá àgbà ilé-ẹ̀kọ́ wa, pẹ̀lú ìwé dókítà. Sí èkíní, èsì ni pé a ti rí i. Sí èkejì, kò sí èsì. Èsì ẹ̀kẹta, etí mi ló gbọ́ ọ, torí mo pẹ́ dé lọ́jọ́ náà, wọ́n sì ní kí n kúnlẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà ọ́fíìsì.

Ọ̀gá àgbà ní, "Ìyáàfin, ẹ̀kẹta rèé. Ṣé ẹ fẹ́ kí n kó ọmọ méjìlélógójì sórí táìsì àwọn olóore wa ni?"

"Mo rò pé ilé-ẹ̀kọ́ ni ibí ni, sà."

"Tí àlejò bá wá dé ńkọ́?"

"Tí àlejò bá dé, a ó dìde, a ó kí i. Àwọn ọmọ mi mọ ìkíni."

Ó wá ní, "Ẹ ṣáà máa rọra gùn ún. Tẹ́ ẹ bá ti dé agbede méjì, ẹ máa sinmi. Ọlọ́run á fún yín lókun."

Ẹ̀yin èèyàn mi, nínú ìpele márùndínláàádọ́ta, níbo ni agbede méjì? Ìyáàfin Ògúnrìndé ṣe ohun tí ọ̀gá wọn ní kí wọ́n ṣe. Wọ́n dé ibẹ̀, wọ́n sinmi.

Lọ́jọ́ Fúráìdè kọ̀ọ̀kan, Ìyáàfin máa ń kọ ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan sójú pátákó, irú èyí tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì fúnra wọn ti gbàgbé pé àwọn ní. Nígbà tó ku ọjọ́ mọ́kànlá kí wọ́n kú, wọ́n kọ "apotheosize". Ó gùn bí bẹ́líìtì ọlọ́pàá. Wọ́n ní ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé kí wọ́n mú ẹlẹ́ran ara bíi tiwa, kí wọ́n sọ ọ́ di ààbọ̀ òrìṣà. Oyíndà tó jókòó tì mí ní, "Mà, ta ló ráyè irú ẹ̀?"

Ìyáàfin nu ọwọ́ wọn. Wọ́n ní, "Àwọn tó ní nǹkan tí wọ́n fẹ́ bò mọ́lẹ̀. Òrìṣà kì í ṣàìsàn, Oyíndà. Kì í béèrè àga, kì í kọ lẹ́tà. Tẹ́ ẹ bá ti gbé ẹnì kan gorí pẹpẹ, kò sẹ́ni tó máa bi yín mọ́ pé kí ló ṣe é."

Wọ́n ní ká fi ọ̀rọ̀ náà kọ gbólóhùn kan. Mo kọ ọ́ pé Oyíndà ti fi dòdò ṣe ààbọ̀ òrìṣà. Wọ́n fún mi ní máàkì kíkún. Ẹ rí i, a ò mọ nǹkan kan. Eré là ń ṣe.

Lọ́jọ́ ìsìnkú, ṣọ́ọ̀ṣì kún dé títì. Ẹnjiníà Ọbáfẹ́mi gba ẹ̀rọ gbohùngbohùn, ó fi áńkáṣífù nu ojú tí kò sunkún, ó ní, "Kì í ṣe ènìyàn bíi tiwa la fẹ́ sin yìí. Áńgẹ́lì ni Ọlọ́run yá wa lò." Ìjọ ṣe àmín. Èmi náà ṣe àmín, ẹnu ò ṣe é gbà lọ́wọ́ ìjọ. Nígbà tá a jáde, Àǹtí Wùnmí, ọmọ kan ṣoṣo tí Ìyáàfin bí, tó ń ti Abẹ́òkúta lọ síbi iṣẹ́ l'Ékòó lójoojúmọ́, lọ bá a níbi tó ti ń jẹ ìrẹsì.

"Ẹ kú ìnáwó ọ̀rọ̀, sà. Oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru ni ìyá mi ń lò. Áńgẹ́lì kì í lò ó."

"Ọmọ mi, ẹ̀dùn ọkàn ló ń bá ẹ sọ̀rọ̀."

"Ẹ̀dà lẹ́tà mẹ́tẹ̀ẹ̀ta wà lọ́wọ́ mi."

"Òní kọ́ la máa sọ ìyẹn."

"Ọjọ́ wo ni, sà?"

Ẹnjiníà ní kí wọ́n bu omi wá fún Àǹtí Wùnmí.

Ọ̀sẹ̀ méjì lẹ́yìn ìsìnkú la dé ilé-ẹ̀kọ́ tá a bá ọ̀dà. Wọ́n ti kun ìpele kẹtàlélógún ní funfun báláú. Wọ́n gbé àwòrán Ìyáàfin kọ́ sára ògiri ibẹ̀, ẹni tó ṣe é ti yọ awò ojú wọn kúrò, ó sì fi ìmọ́lẹ̀ yí orí wọn ká bí orí Màríà. Wọ́n so gílóòbù kan síwájú rẹ̀ tó ń tàn tọ̀sán-tòru. Kíláàsì wa kò ní gílóòbù. Ọ̀gá àgbà bá wa sọ̀rọ̀ lórí ìlà òwúrọ̀, níbi tá a ti ń tò kí kíláàsì tó bẹ̀rẹ̀, pé láti ọjọ́ náà lọ, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ fẹsẹ̀ tẹ ìpele mímọ́, kí olùkọ́ àti ọmọ máa tẹríba, kí wọ́n sì máa dá a kọjá. Wọ́n yan ọmọ SS3 tí yóò máa ṣọ́ ọ. Jedidiah, ọmọ kíláàsì wa, tẹ̀ ẹ́ nítorí pé ó ń sáré lọ ilé ìtọ̀, wákàtí méjì ló fi wà lórí ìkúnlẹ̀. Ní báyìí, àwọn tó ń lọ ṣèdánwò ti ń fi bírò wọn kan àwòrán náà kí wọ́n lè yege. Ilé-ẹ̀kọ́ tí kò rí ẹni kan tó máa ṣílẹ̀kùn fún obìnrin yìí nígbà ayé rẹ̀ ti rí ẹni tó máa ṣọ́ ibi tó kú sí. Ṣé ẹ rí irú ìfẹ́ yìí rí?

A ì bá fi ṣe yẹ̀yẹ́ lásán, àmọ́ àtẹ̀gùn náà kò tíì yó. Wọn ò tíì rí olùkọ́ Gẹ̀ẹ́sì mìíràn, wọ́n sì fi kíláàsì wa lé Ìyáàfin Kùdírátù lọ́wọ́, olùkọ́ Ìṣirò, aboyún oṣù mẹ́jọ. Òkè náà ṣì ni kíláàsì wa. Ní Ọjọ́rú tó kọjá, Ìyáàfin Kùdírátù dé ìpele kejìlélógún, wọ́n fọwọ́ kan gbé ikùn, wọ́n tẹríba, wọ́n na ẹsẹ̀ gbọọrọ láti dá funfun náà kọjá. Ẹsẹ̀ kejì yọ̀. Orúnkún ni wọ́n kọ́kọ́ fi lélẹ̀, lẹ́yìn náà ìgúnpá. Oyíndà tó wà lẹ́yìn wọn ló gbá wọn mú, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ìsàlẹ̀ là bá ti lọ ṣa wọ́n.

Ọ̀gá àgbà sáré gòkè. Ó wo ilẹ̀. Ohun àkọ́kọ́ tó ti ẹnu rẹ̀ jáde, iwájú ọgbọ̀n ọmọ ló ti sọ ọ́, ni pé, "Ṣé ẹ ò tẹ̀ ẹ́?"

Ìyáàfin Kùdírátù ṣì wà nílẹ̀. Wọ́n ní, "Ọ̀gá, ọmọ inú mi ni kẹ́ ẹ bi mí."

Ọ̀gá àgbà ò bi wọ́n. Nọ́ọ̀sì ti yẹ̀ wọ́n wò, ọmọ náà ń mira, a dúpẹ́. Àmọ́ ta la fẹ́ máa dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ títí tí oṣù kẹsàn-án yóò fi pé? Ọwọ́ Oyíndà ni wọ́n fẹ́ fi ẹ̀mí méjì lé ni? Ọmọbìnrin tí kò lè gbé korobá omi kọjá ẹnu ọ̀nà?

Ẹ̀yin ọ̀gá wa, ẹ̀yin olóore wa, ẹ gbà á bẹ́ẹ̀ pé mo jẹ́ ọmọkọ́mọ. Wọ́n ti sọ ọ́ tẹ́lẹ̀, kò pa mí. Àmọ́ ẹ dá mi lóhùn. Tí Ìyáàfin Ògúnrìndé bá jẹ́ áńgẹ́lì, ta ló kọ̀ láti fún áńgẹ́lì ní yàrá? Tí wọ́n bá jẹ́ ènìyàn, kí ló dé tí kò sí ẹnì kankan tó tọrọ àforíjì lọ́wọ́ ọmọ wọn? Èmi tọrọ. Mo lọ sílé Àǹtí Wùnmí, mo dọ̀bálẹ̀, mo jẹ́wọ́ ọ̀rọ̀ Réluwéè. Wọ́n sunkún, wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n ní ìyá àwọn ti sọ fún àwọn. Kò le tó bí ẹ ṣe rò ó. Ẹ gbìyànjú ẹ̀.

Ẹ ka lẹ́tà mẹ́tẹ̀ẹ̀ta fún wa lórí ìlà òwúrọ̀, pẹ̀lú orúkọ ẹni tó gbà á àti ọjọ́ tó gbà á. Ẹ fi kẹ́míkà fọ ọ̀dà yẹn kúrò kí ẹni tó bá fẹ́ tẹ àtẹ̀gùn lè tẹ̀ ẹ́. Kí Ẹnjiníà Ọbáfẹ́mi wá sọ fún wa, láìnu ojú, bóyá ẹgbẹ́ rẹ̀ ló ní kí wọ́n ti yàrá náà pa mọ́ aláìsàn, tàbí ọ̀gá àgbà ló fi orúkọ wọn bojú.

Kọ́kọ́rọ́ gbọ̀ngàn náà wà nínú dúrọ́ọ̀ ọ̀gá àgbà. Ìyáàfin Kùdírátù ní Ìṣirò pẹ̀lú wa ní ọjọ́ Mọ́ńdè, aago mẹ́jọ. Gbogbo wa ní SS2 á ti gbé àga wa sọ̀ kalẹ̀ kí agogo tó lù, a ó sì jókòó síwájú ilẹ̀kùn náà, ọmọ méjìlélógójì, pẹ̀lú ìwé lórí itan. Kí ọ̀gá àgbà ṣí i. Tí kò bá ní ṣí i, kó wá dúró síwájú aboyún náà, kó sọ fún un lójú wa pé kó rọra máa gùn ún.