Àmọ̀kẹ́ Tí Kò Sí Nínú Ìwé

Gàfárù kì í pe ọmọ rẹ̀ ní Bọ́láwùmí. Láti kékeré, Àmọ̀kẹ́ ló ń pè é. Bó bá ti ibi iṣẹ́ dé sí Agbowó, tí sìmẹ́ńtì ti sọ orí rẹ̀ di funfun, láti ẹnu ọ̀nà ni yóò ti máa ké sí i. Bíríkìlà ni. Ilé tó ti mọ ní Akobo kò lóǹkà. Òun fúnra rẹ̀, yàrá kan ló háyà.

Ìyá ọmọ ti kú. Òun nìkan ló tọ́ ọ, òun ló rán an lọ sí kọ́lẹ́ẹ̀jì àwọn olùkọ́. Ní ọdún 1995, nígbà tó ku ọdún kan kó parí, Gàfárù gbé owó ilé ìwé lọ sí báńkì ní Dùgbẹ̀. Kò mọ̀wé. Ó ní kí akọ̀wé báńkì bá òun kọ ìwé owó náà.

"Kí lorúkọ akẹ́kọ̀ọ́, Baba?"

"Àmọ̀kẹ́. Àmọ̀kẹ́ Gàfárù."

Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe kọ ọ́. Gàfárù ká rìsíìtì, ó fi há inú Kùránì. Ó rò pé ó ti tán.

Lẹ́yìn ọdún kan, Bọ́láwùmí lọ gba sàtífíkéètì. Akápò ní kò sanwó ọdún ìkẹyìn. Ó mú rìsíìtì jáde. Akápò wò ó, ó tì í padà.

"A ò ní Àmọ̀kẹ́ níbí, sìstá. Lọ wá ẹni tó ni ín."

Màdámù ilé ìwé kan ní Bódìjà ti bá a fi àyè iṣẹ́ olùkọ́ sílẹ̀ títí di oṣù kìn-ín-ní. Sàtífíkéètì yìí nìkan ló ń dúró dè. Wọ́n bẹ ilé ìwé títí, pàbó ló já sí. Ni wọ́n bá lọ bá Lọ́yà Jóṣúà ní Ring Road. Gàfárù ló mọ fẹ́ǹsì ilé rẹ̀, nítorí náà lọ́yà kò gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ wọn.

Lọ́jọ́ tí wọ́n dé kóòtù ní Ìyágankú, Gàfárù ti ń wúkọ́. Agbádá iléyá ló wọ̀. Lọ́yà ilé ìwé dìde.

"Baba, ta ni Àmọ̀kẹ́?"

"Ọmọ mi ni. Òun ló jókòó yẹn."

"Ṣé ìwé kan wà tó sọ bẹ́ẹ̀?"

"Ìwé kẹ̀? Oríkì ni. Ẹ̀yin náà, kí ni oríkì yín?"

Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín.

"Èmi kọ́ là ń bi, Baba."

"Ẹ má bínú. Mo rò pé ìyá yín náà máa ń kì yín ni." Ó yíjú padà. "Àmọ̀kẹ́."

"Bàbá." Bọ́láwùmí ti dìde kó tó mọ̀.

Adájọ́ kọ nǹkan sílẹ̀. Ó ní oríkì kò níwèé, àmọ́ ó lè lẹ́lẹ́rìí. Kí wọ́n mú àgbà tó wà níbi ìsọmọlórúkọ wá. Ó sún ẹjọ́ sí oṣù kejì.

Oṣù kejì. Màdámù Bódìjà kò sì ní dúró kọjá oṣù kìn-ín-ní.

Nínú takisí, Gàfárù ní, "Àmọ̀kẹ́, ọwọ́ ara mi ni mo fi bà á jẹ́."

"Ẹ má sọ bẹ́ẹ̀, Bàbá."

Ó ń wúkọ́ títí wọ́n fi dé Agbowó.

Ikọ́ náà ló gbé e dè. Ọjọ́ Jímọ̀ kan ní oṣù kìn-ín-ní ni wọ́n sin ín, kí oòrùn tó wọ̀. Lọ́sẹ̀ yẹn kan náà, màdámù Bódìjà gba ẹlòmíì.

Ní oṣù kejì, Zùwáírátù, ẹ̀gbọ́n Gàfárù, wọ àpótí ẹlẹ́rìí. "Èmi ni mo fún un lóríkì, lọ́jọ́ kẹjọ tí wọ́n bí i. Ẹni tó ń pè é bẹ́ẹ̀ ti lọ. Èmi ni kí ẹ bi." Adájọ́ pàṣẹ kí ilé ìwé fi sàtífíkéètì sílẹ̀.

Bọ́láwùmí lọ gbà á. Akọ̀wé ilé ìwé ṣí ìwé ńlá kan sílẹ̀.

"Bọ́láwùmí Gàfárù?"

"Èmi ni."

"Kọ orúkọ ẹ síbí, kó o sáìnì."

Ó mú bíró, ó kọ ọ́. Akọ̀wé tẹ̀ síwájú, ó wò ó.

"Àmọ̀kẹ́ tún kẹ̀? Orúkọ tó wà lórí sàtífíkéètì ni kó o kọ, sìstá."

Akọ̀wé fa ìlà gba orí Àmọ̀kẹ́ kọjá. Bọ́láwùmí kọ òmíràn sábẹ́ rẹ̀.