Mẹ́ta Tó Wà Lábẹ́ Mẹ́sàn-án

Mo mọ̀ pé ẹ ò ní gbà mí gbọ́. Ẹ má dààmú, ìyá mi gan-an ò tíì gbà mí gbọ́ dòní. Mo fi ojú mi rí aago kan tó ń rìn sẹ́yìn, ní Turffontein níbí, láàárọ̀ Sátidé kan tí oòrùn mú ganrínganrín.

Aago bàbá tó ń gbé nílé kejì sí wa ni. Awọnlẹ̀ ni wọ́n nílé, ní Iléṣà, kí ọmọ wọn tó mú wọn wá sí Joburg. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni mí nígbà yẹn. Bí mo bá ti ilé ìwé dé, ọ̀dọ̀ wọn ni mo ń lọ, níbi tí gbogbo ilé ti ń rùn fún ọsàn wẹ́wẹ́ àti eérú, nítorí òun ni Bàbá fi ń dán àwo idẹ kan tó fẹ̀ tó tíréè. Ìka idẹ kan dúró láàárín rẹ̀. Òjìji ìka yẹn ló máa bọ́ sórí nọ́ńbà, tí aago oòrùn á fi sọ àkókò.

Bí wọ́n ti ń dán an ni wọ́n ń sọ̀tàn fún mi. Wọ́n ní kí ẹnikẹ́ni tó so aago mọ́wọ́, igi lásán ni àwọn ará Íjíbítì gbé nàró láti wo òjìji. Wọ́n ní àwọn Lárúbáwá ṣe àwo idẹ tí wọ́n ń fi òrùka rẹ̀ kọ́ àtàǹpàkò láti wọn bí ìràwọ̀ ṣe ga tó. Àwọn atukọ̀ òyìnbó wá ń fi irú rẹ̀ wo ìràwọ̀ kan ní àríwá tí kì í kúrò lójú kan. Ṣùgbọ́n nígbà tí ọkọ̀ wọn ń bọ̀ níhà gúúsù níbí, ìràwọ̀ náà rì sínú òkun.

“Wọ́n rò pé ọ̀run ti bàjẹ́,” ni Bàbá wí. “Ọ̀run ò bàjẹ́. Àwọn ni wọ́n ṣí kúrò.”

“Okay, Bàbá.”

“Òkè wo, ìyá mi? Èyí tí a máa gùn ni?”

Ojoojúmọ́ ni wọ́n ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ báyẹn.

Ṣùgbọ́n ọmọ wọn, akáǹtáǹtì kan tó ń gbé ní Fourways, ò rẹ́rìn-ín. Bàbá ti múra ṣọ́ọ̀ṣì lọ́jọ́ Jímọ̀ rí. Wọ́n ti gbé omi kaná, wọ́n sì gbàgbé rẹ̀. Ó ní òun máa kó wọn lọ sínú ẹ́sítéètì òun, kí ẹnì kan máa ṣọ́ wọn láti àárọ̀ dalẹ́. Bàbá kọ̀ jálẹ̀. Wọ́n wá fẹnu kò: bí aago oòrùn tí Bàbá fọwọ́ ara wọn ṣe bá tọ̀nà ní Sátidé, wọn ò ní kó lọ. Bí kò bá tọ̀nà, kí wọ́n di ẹrù.

Aago ọwọ́ ọmọ wọn lu mẹ́sàn-án. Òjìji wà lórí mẹ́ta. Pátákò ẹṣin nìkan la ń gbọ́ láti pápá eré ìje. A dúró. Nígbà tí aago mẹ́wàá lù, òjìji wà lórí méjì.

“Dádì,” ọmọ wí jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, “ẹ lọ di ẹrù. Mo ń bọ̀ láàárọ̀ ọ̀la.” Ó bá wọ mọ́tò rẹ̀ lọ.

Bàbá jókòó ti àwo idẹ wọn. N ò rí wọn láìsí àwàdà lẹ́nu rí, ìyẹn ló dẹ́rù bà mí jù.

“Bàbá,” mo wí, “ṣé ìràwọ̀ yín rì ni?”

“Kí lo wí?”

“Ẹ ní àwọn atukọ̀ ṣí kúrò ni. Ẹ̀yin náà ṣí kúrò.”

Wọ́n wo oòrùn, níbi tó wà lókè àwọn ilé gogoro àárín ìlú, ní àríwá wa. Wọ́n wo àwo. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí rẹ́rìn-ín títí ikọ́ fi gbà wọ́n. Ìṣirò wọn ò yẹ̀ rárá: wọ́n ti kọ ojú ìka sí gúúsù bó ṣe yẹ níbí. Ọwọ́ wọn ló to nọ́ńbà bí wọ́n ṣe ń tò ó ní Iléṣà, láti òsì lọ sí ọ̀tún. Níbí, ọ̀tún ni òjìji ti ń bọ̀ wá sí òsì.

Lọ́sàn-án ọjọ́ náà, mò ń gbọ́ fáìlì lára idẹ láti ilé wa, kẹ̀rẹ̀, kẹ̀rẹ̀, kẹ̀rẹ̀.

Ọ̀dọ̀ mi ni àwo náà wà báyìí. Bí ẹ bá wò ó dáadáa, ẹ ó rí mẹ́ta tí wọn ò ha tán lábẹ́ mẹ́sàn-án. Bí àwọn ọmọ mi bá ń ṣe ohun tó dà bíi pé ó lòdì, mo máa ń lọ wò ó kí n tó pariwo.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì Sátidé yẹn, ọmọ Bàbá dé, ó sì ṣí búùtù sílẹ̀. Bàbá jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ àwo wọn nínú aṣọ ṣọ́ọ̀ṣì, Sọ́ńdè sì ni lóòótọ́. Ọmọ wo aago ọwọ́ rẹ̀: mẹ́sàn-án. Ó wo òjìji lórí mẹ́sàn-án, ó tún wo ọwọ́ rẹ̀. Ó lọ pa búùtù dé.

“Dádì, ẹ jẹ́ ká lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì.”

Èmi ni Bàbá kọjú sí, wọ́n ṣẹ́jú.

“Okay,” ni wọ́n wí.