Ẹni Tí Yóò Gba Iṣẹ́ Bàbá Wa

Ọ̀rọ̀ yìí ṣì rú mi lójú dòní. Bàbá wa ń ṣiṣẹ́ ìjọba l'Aláúsá, Agége la sì ń gbé. Ẹnu iṣẹ́ yẹn ni wọ́n wà tí wọ́n fi kú, láyé ológun, nígbà tí ètò ọrọ̀ ajé SAP ti fojú gbogbo wa rí màbo. Ilé iṣẹ́ aṣọ tí mo wà n'Ìkẹjà ti ní ká máa lọ sílé ná, wọ́n á pè wá. Mo ṣì ń retí ìpè ọ̀hún.

Ọ̀gá Bàbá wá kí wa. Ó ní bí òṣìṣẹ́ bá kú sẹ́nu iṣẹ́, ìjọba lè ṣàánú gba ọmọ rẹ̀ kan síṣẹ́. Ẹyọ kan ṣoṣo. Nínú ọkàn mi, mo ti ra bàtà tí n óò máa wọ̀ lọ. Èmi ṣáà ni àkọ́bí Bàbá.

Àmọ́ bùọ̀dá mi wà níbẹ̀. Àǹtí, àbúrò Bàbá, ló bí i. Nígbà tí Màámi wọlé ọkọ tí wọn ò tètè rọ́mọ bí, Àǹtí gbé ọmọ wọn kan ṣoṣo fún Màámi kí wọ́n máa tọ́ ọ, torí wọ́n gbà pé bí obìnrin bá ń gbọ́ igbe ọmọ nínú ilé, tirẹ̀ náà á dé. Mo dé lóòótọ́, àwọn àbúrò mi sì tẹ̀ lé mi. Àǹtí ò rí òmíràn bí mọ́. Orúkọ Bàbá ni bùọ̀dá ń jẹ́. Ìyá mi ló ń pè ní Màámi, ó ń pe Àǹtí ní Màmá. Ẹni tó bá pè é ní ọmọ àbúrò Bàbá nílé wa ti fẹnu ara rẹ̀ wá ìyà.

Nígbà tí Màámi jáde nínú opó, wọ́n ní bùọ̀dá ni yóò gba iṣẹ́ náà. Inú bí mi gidigidi.

"Màámi, ṣé èmi kì í ṣọmọ ni?"

"Òun ló mú ẹ wá," ni Màámi wí. "Bí kò bá wá, ta ni ì bá máa bá mi jiyàn báyìí?"

Kí ni kí n fèsì? Bí mo bá ní kì í ṣọmọ Bàbá, irọ́ ni mo pa. Bí mo bá sì ní ọmọ Bàbá ni, iṣẹ́ ti lọ nìyẹn. Mo kọjú ìbínú sí ìkòkò tí mo ń fọ̀.

Àwa àti Àǹtí la jọ lọ s'Aláúsá, torí ìdílé ọkọ gbọ́dọ̀ yọjú. Obìnrin tó dá wa lóhùn ò le rárá. Ó ní ọmọ tí òkú bí gan-an làwọn ń fẹ́ o, pé àwọn kan ti ń kó ọmọ ẹ̀gbọ́n àti ọmọ àbúrò wá, pé bí àṣírí bá tú, iṣẹ́ bọ́ nìyẹn. Ó wo bùọ̀dá, ó wo Àǹtí.

"Màmá, ó mà jọ yín o."

Ó yẹ kí n sọ̀rọ̀. Gbólóhùn kan péré, iṣẹ́ á di tèmi. Mi ò mọ ẹni tí mò ń bínú sí mọ́.

"Bàbá rẹ̀ ló jọ," ni Àǹtí wí. "Àbúrò bàbá rẹ̀ ni mí. Èmi ò bímọ rí, mà."

Àánú wọn ṣe obìnrin náà. "Ẹ pẹ̀lẹ́, mà. Ṣebí ọmọ yín náà ni gbogbo wọn."

A dúró de ọkọ̀. Bùọ̀dá pè wọ́n, "Màmá." Wọn ò dáhùn. Ó tún pè wọ́n.

"Àǹtí ni kó o máa pè mí," ni wọ́n wí, wọn ò wojú ẹ̀. "Àwọn ará ọ́fíìsì ń wọkọ̀ níbí."

Ó pè wọ́n ní Àǹtí. Wọ́n dáhùn.

Bùọ̀dá ṣe iṣẹ́ náà pẹ́, òun ló bọ́ gbogbo wa, èmi tí mo bínú náà jẹ níbẹ̀. Ṣé ó gba iṣẹ́ mi ni, àbí àwa la gba ọmọ lọ́wọ́ Àǹtí lẹ́ẹ̀kejì? Mi ò mọ̀. Mi ò gbọ́ Màmá lẹ́nu rẹ̀ mọ́, àfi lọ́jọ́ tí wọ́n ń gbé òkú Àǹtí jáde nílé.