Òróró Tí Mo Ta Sórí Ìwé Prof

Ẹ fara balẹ̀, ẹ jẹ́ kí n fẹnu ara mi ro ẹjọ́ ara mi fún yín.

Carer ni mí, ní Peckham nílùú òyìnbó níbí. Ẹni tí mò ń tọ́jú báyìí, bàbá ará India kan ni, tó ń gbé lẹ́yìn títì Rye Lane. Ọ̀jọ̀gbọ́n Sanskrit ni wọ́n, èdè àtijọ́ tí wọ́n fi kọ ìtàn àwọn òrìṣà Hindu. Prof ni mo ń pè wọ́n. Ọwọ́ wọn ti ń gbọ̀n, síbẹ̀ wọ́n ń fi bírò túmọ̀ ìtàn tó gbẹ̀yìn nínú ìwé wọn. Ìwé yẹn ni gbogbo ayé wọn.

Wàhálà tèmi ni ère orí shelf wọn. Orí erin, ara èèyàn, ọwọ́ mẹ́rin! Èmi ọmọ ìjọ, tí mo bá ń nu eruku ibẹ̀, ṣe ni mo máa ń gbójú kúrò.

Lọ́sàn-án Tuesday kan, Prof ń sùn. Mo yọ anointing oil nínú báàgì mi, mo ta á sí ère yẹn lórí, mo ní kò ní rí mi gbé ṣe. Ta ló rán mi níṣẹ́? Òróró ṣàn wálẹ̀ sórí ìwé tí Prof ń kọ, tí wọ́n kó sábẹ́ ẹ̀. Kí n tó fa tissue yọ, ojú ìwé mẹ́ta ti bàjẹ́.

Yéè! Mo kọ́kọ́ rò pé kí n ní tea ló dà sí i. Ṣùgbọ́n nígbà tí Prof jí, tí wọ́n ń táràrà wá gíláàsì ojú wọn, irọ́ yẹn ò lè jáde lẹ́nu mi. Mo kúnlẹ̀, mo jẹ́wọ́.

Inú bí wọn gan-an. Wọ́n yẹ ojú ìwé mẹ́tẹ̀ẹ̀ta wò lọ́kọ̀ọ̀kan. Lẹ́yìn náà ni wọ́n wá ní, láyé àtijọ́, orí imọ̀ ọ̀pẹ ni wọ́n ń kọ irú ìtàn yìí sí, wọ́n sì máa ń fi òróró pa á kó má tètè gbó. Àmọ́ bébà kì í ṣe imọ̀ ọ̀pẹ o! Wọ́n ní kí n mú bírò.

Bó ṣe di pé mò ń jókòó lẹ́yìn shift nìyẹn. Wọ́n ń sọ, mò ń kọ. Àṣé àwọn òrìṣà náà máa ń bá ìyàwó jà, tí wọ́n á tún máa bẹ̀bẹ̀! Mo rẹ́rìn-ín títí.

Lọ́jọ́ tí a tún ojú ìwé mẹ́tẹ̀ẹ̀ta kọ tán, Prof di ọwọ́ mi mú. Wọ́n ní ó ti pẹ́ tẹ́rù ti ń bà wọ́n pé ọwọ́ wọn tó ń gbọ̀n ò ní jẹ́ káwọn parí ìwé náà kí wọ́n tó kú. Wọ́n ní ṣé mo lè bá wọn kọ èyí tó kù? Omi bọ́ lójú mi.

Tí nǹkan kan nílé onílé bá ń bà yín lẹ́rù, ẹ kọ́kọ́ béèrè. Ẹ̀yin ńkọ́, kí lẹ ti bẹ̀rù lásán rí? Ẹ kọ tiyín sísàlẹ̀, mo fẹ́ kà á. Òróró mi ṣì wà nínú báàgì o, ṣùgbọ́n iwájú orí tèmi nìkan ni mò ń ta á sí, kí n tó mú bírò Prof.