Orúkọ Bàbá Àìná Nínú Kọ̀ǹpútà

Ẹni tó bá bá ẹ̀gbọ́n mi Sàfúrátù gbé yàrá ní Ṣógúnlé lọ́dún 1977, tipátipá ni yóò fi kọ́ sùúrù. Béèrè abẹ́rẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, yóò dáhùn pé: "Inú kọ́bọ́ọ̀dù, inú àpótí dúdú, inú agolo bísíkíìtì." Bí o bá dá a padà sínú agolo mìíràn, o dáràn nìyẹn. Ó ń pè mí ní ọ̀lẹ, èmi náà ń pè é ní wọ́dà. Mi ò sì tíì yí ọ̀rọ̀ mi padà.

Iṣẹ́ kọ̀ǹpútà ló ń ṣe ní ilé-iṣẹ́ ìhunṣọ kan ní Ìsọlọ̀. Owó epo ti pọ̀ nílùú, àwọn ilé-iṣẹ́ ń ra ẹ̀rọ tuntun, tiwọn sì tóbi tó kọ́bọ́ọ̀dù méjì. Ohun kan ló ń bí i nínú: ojú kan náà ni gbogbo fáìlì wà. Ti ọ́fíìsì, ti sítọ̀, ti ọkọ̀, abẹ́ àkọsílẹ̀ orúkọ kan ṣoṣo ni wọ́n kó gbogbo rẹ̀ sí. Ó ti bẹ ọ̀gá rẹ̀, Ọ̀gbẹ́ni Olúsànyà, pé kí àwọn pín in, kí ẹ̀ka kọ̀ọ̀kan ní àyè tirẹ̀. Ọ̀gá ní tó bá yá.

Bàbá Àìná ló ń tọ́jú sítọ̀. Ọmọ Ìsẹ́yìn ni, ó mọ gbogbo irin tó wà lára ẹ̀rọ ìhunṣọ, àti èyí tí wọ́n lè fi dípò èyí tó bá kán. Ọjọ́ Jímọ̀ ló máa fẹ̀yìn tì. Orí rẹ̀ nìkan ni gbogbo ìmọ̀ yẹn wà, nítorí náà ó ti fi oṣù mélòó kan jókòó ti Sàfúrátù, ó ń sọ, ìyẹn ń tẹ̀ ẹ́. AINA ni wọ́n pe fáìlì náà.

Lọ́jọ́ Ajé tó ṣáájú Jímọ̀ yẹn, Felicia Àìná, akọ̀wé tuntun tí kò bá Bàbá tan rárá, tẹ lẹ́tà kan, ó sì fi orúkọ ìdílé rẹ̀ pa á mọ́: AINA. Ẹ̀rọ yẹn kì í béèrè. Orúkọ méjì tó bára mu kò lè gbé ojú kan, ló bá yọ ti àkọ́kọ́ dànù. Felicia tún tẹ lẹ́tà kejì kí ẹnikẹ́ni tó mọ̀.

Nígbà tí wọ́n wá fáìlì Bàbá tì, Felicia bú sẹ́kún. Bàbá jókòó, fìlà lórí orúnkún, àánú rẹ̀ sì ṣe ẹ̀gbọ́n mi débi pé kò lè wo ojú rẹ̀.

"Kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kan ẹ̀rọ yìí o!" Sàfúrátù pariwo. "Bàbá, orúkọ nìkan ló pa rẹ́. Ọ̀rọ̀ yín ṣì wà níbi tó wà. Tí lanlọ́ọ̀dù bá pa orúkọ ayálégbé rẹ́ nínú ìwé, ẹrù ẹ̀ ṣì wà ní yàrá, àfi tí ẹlòmíì bá kó wọlé."

"Tá a bá wá tẹ nǹkan míì ńkọ́?" Ọ̀gá Olúsànyà béèrè.

"Ó lè bọ́ sórí ẹ̀ gan-an nìyẹn, sà."

Ọ̀gá ní kí gbogbo ọ́fíìsì padà sídìí táípúráítà. Sàfúrátù wá ń ka dísìkì, àwo tí ẹ̀rọ náà ń kọ ọ̀rọ̀ sí, ní ègé-ègé. Ní Ọjọ́rú, ó pariwo ayọ̀: gbogbo rẹ̀ ti jáde, àfi ìparí, níbi tí lẹ́tà kejì Felicia bọ́ sí. Bàbá tún un sọ, Felicia fúnra rẹ̀ ló tẹ̀ ẹ́.

Ní Ọjọ́bọ̀, ọ̀gá ní kí wọ́n pín ẹ̀rọ náà wàyí. Inú ẹ̀gbọ́n mi dùn bí ẹni pé wọ́n fún un nílé.

"Bàbá, sítọ̀ ti ní àyè tiẹ̀. Àìná míì ò lè dé bẹ̀ mọ́. Orúkọ yín máa wà níbẹ̀ títí."

Bàbá rẹ́rìn-ín. "O ṣeun, ọmọ mi. Ṣùgbọ́n yọ Àìná kúrò. Ẹni tó máa gba iṣẹ́ lọ́wọ́ mi ò mọ̀ mí rí. Tí ẹ̀rọ bá bà jẹ́, ṣé orúkọ mi ló máa wá ni?"

"Kí la wá máa pè é?"

"Irin Ẹ̀rọ Ìhunṣọ."

Ó dun ẹ̀gbọ́n mi gan-an, ó sì mọ̀ pé òótọ́ ni. Ó tẹ orúkọ tuntun, ó pa ti àtijọ́ rẹ́, Bàbá sì na ọrùn síwájú láti rí i dájú pé ó ti lọ.