Ife Ẹni Tó Ń Bọ̀

Ilé kan náà lèmi àti Mevlida jọ ń gbé ní Sarajevo, òun lókè, èmi nísàlẹ̀. Bí ẹnikẹ́ni bá sọ fún yín pé opó elékún ni, irọ́ ló pa. Nígbà ogun, tí àwọn ọ̀tá ń rọ̀jò ọta lé wa lórí láti orí àwọn òkè tó yí ìlú ká, ó máa ń kun ètè kó tó lọ to ìlà omi ni.

Lọ́dún tí ogun parí, Nedim gbé kámẹ́rà dé. Ọmọ ìlú wa ni, àmọ́ láti kékeré ni wọ́n ti gbé e lọ sí Sweden. Ó ní òun ń ṣe fíìmù nípa bí a ṣe ń gbé láàárín àwókù ilé. Mevlida gbà kíá, nítorí gíláàsì ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ ojú fèrèsé rẹ̀ tí a ti ń fi ọ̀rá dí látọjọ́ yìí, ó sì fẹ́ kí gbogbo ayé rí i. Ó nù ún títí ó fi ń dán, ó wọ bàtà gogoro, ó se kọfí, ó sì ní kí n wá bá òun jókòó.

Nedim rí ife kékeré kan lórí tábìlì tí kò sẹ́ni tó ń lò ó. Ó rò pé ti Hasib ni, ọkọ Mevlida tí ìbọn pa. Ó gbé e síwájú obìnrin náà, ó ní kó nu ohun tó fi kun ètè kúrò, kó tẹjú mọ́ ife yẹn, kó sunkún. Bí kò bá sí ẹkún, ó ní, àwọn ará òkèèrè ò ní wo fíìmù náà. Ẹni tó sọ ilé nù sọ àpò ìyà kọ́. Ó ṣe mí bíi kí n da kọfí sí i lára.

Mevlida ò tiẹ̀ gbóhùn sókè.

"Nedim, ta ló sọ fún ẹ pé ife òkú nìyí?"

"Ẹ má bínú, ìyá. Mo rò pé..."

"Ṣé wọn ò kọ́ ẹ nílé ni? Ife ẹni tó ń bọ̀ ni. A kì í gbé kọfí kalẹ̀ ká má fi ti àlejò tí a ò retí kún un. Nígbà ogun, tó jẹ́ ẹ̀wà yíyan là ń lọ̀ mu dípò kọfí, mo ń gbé e kalẹ̀. Àwọn tó wà lórí òkè yẹn fẹ́ ká gbà pé kò sẹ́ni tó máa wá mọ́. Mi ò gbà fún wọn."

Ó bu kọfí kún ife náà, ó tì í sọ́wọ́ rẹ̀.

"Ìwọ lo pẹ́ kó o tó dé. Mu ún, kó o wá ya fèrèsé mi."

Nedim mu ún, omi sì ń dà lójú rẹ̀. Òun nìkan ló sunkún lọ́jọ́ náà, kò sì sẹ́ni tó yà á. Mevlida dìde, ó mú ife mìíràn wá, ó gbé e sí àyè tó ṣófo.