Ọjọ́ Tí Màmá Kétu Jẹ́rìí Ní Kóòtù Ìlaròó

Ohun tí mo kọ́kọ́ máa ń rántí nípa ìgbà tí ìjọba ti bọ́dà pa ni bí ọ̀nà Ẹ̀gùá ṣe dákẹ́. Àwọn ọlọ́kadà tó ń fi ìrẹsì sáré kọjá ti pòórá, ewúrẹ́ sì ń sùn sáàárín títì bí onílé. Àkókò yẹn náà ni ẹjọ́ ilẹ̀ wa dé kóòtù Ìlaròó. Ìjọba gba oko bàbá mi láti fi la ọ̀nà tuntun, wọ́n ní àwọn yóò san owó gbà-má-bínú fún ẹni tó ni ilẹ̀. Ibẹ̀ ni ìjà ti bẹ̀rẹ̀. Ìdílé tó bá wa pààlà ní àwọn ló ni gbogbo rẹ̀, pé àtọ̀húnrìnwá ni bàbá tó bí bàbá mi, wọ́n kàn ṣàánú rẹ̀ ni. Bàbá mi lè fara da kí owó bọ́ lọ́wọ́ òun. Kí kóòtù wá pe òun ní àlejò lórí ilẹ̀ tí wọ́n bí òun sí, ìyẹn ni kò jẹ́ kó lè jẹun.

Tíṣà ni mí ní Ayétòrò nígbà náà, mo sì gbà pé kò sóhun tí ẹ̀kọ́ kò lè tún ṣe. Mo jókòó ti bàbá mi, mo ń kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń dá lọ́yà lóhùn, bí ẹni ń múra ọmọ sílẹ̀ fún ìdánwò. Ó ń gbọ́ mi, ó ń mi orí. Ọjọ́ pé, lọ́yà wa bi í bí ilẹ̀ náà ṣe di tiwa. Bàbá mi ṣí fìlà, ó ká a mọ́wọ́.

“Olúwa mi, ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ṣì ń bẹ láyé, ní Kétu. Ẹnu àgbà lobì ti ń gbó. Mi ò lè sọ ìtàn ilé wa ṣáájú rẹ̀.”

Ojú tì mí débi pé àjà ni mò ń wò. Lọ́yà bẹ̀ ẹ́ títí, ó kọ̀ jálẹ̀. Adájọ́ rẹ́rìn-ín díẹ̀, ó sún ẹjọ́ síwájú, ó ní bí ẹ̀gbọ́n náà kò bá dé, òun yóò dájọ́ láìgbọ́ tiwa. Bẹ́ẹ̀, òdìkejì bọ́dà ni Kétu wà. Ọkọ ló gbé e lọ síbẹ̀ kí wọ́n tó bí mi.

A ránṣẹ́ sí ẹ̀gbọ́n náà, Màmá Kétu la máa ń pè é, mo sì lọ pàdé rẹ̀ ní bọ́dà. Ọ̀gá kọ́sítọ́ọ̀mù tú ẹrù rẹ̀ wò bóyá ìrẹsì wà níbẹ̀. Ẹ̀wà àti gàrí tó ń gbé bọ̀ fún àbúrò rẹ̀ ló bá. Ó ní kí màmá padà. Màmá gbé àpótí ìjókòó rẹ̀ sábẹ́ igi, ó jókòó.

“Ọmọ mi, kí wọ́n tó pààlà yìí ni àwa ti ní ilé lápá méjèèjì. Àbúrò mi ló ń pè mí. Màá dúró tì ọ́ títí wàá fi ráyè.”

Kò bínú rárá. Ó wá ń bi ọkùnrin náà léèrè ìyàwó àti àwọn ọmọ. Nígbà tí oòrùn fi máa kan àtàrí, ọ̀gá náà fúnra rẹ̀ ló gbé ẹrù màmá sórí ọ̀kadà tí mo háyà.

Ní kóòtù, Màmá Kétu kò sọ ohun tí a fẹ́ gbọ́. Ó ní ilẹ̀ náà kì í ṣe ti ilé bàbá àwọn rí. Lọ́yà wa fọwọ́ bojú. Bàbá mi tẹrí ba. Màmá wá ní ìyá tó bí bàbá àwọn ló ni ín. Nígbà tí ọkọ rẹ̀ kú, bàbá tó bí ìyá náà ló gé ilẹ̀ fún un kí ebi má baà pa ọmọ rẹ̀. Ọ̀dọ̀ ìyá àgbà yìí lòun dàgbà sí, ó sì ti kú kí wọ́n tó bí bàbá mi. Lọ́yà tiwọn dìde: ọmọ ilé ta ni ìyá náà, ta ló sì mọ̀ ọ́n?

Níbi tiwa, obìnrin kì í fi oríkì ilé bàbá rẹ̀ sílẹ̀ nítorí pé ó lọ́kọ. Òun ni wọ́n fi ń kí i láràárọ̀. Màmá Kétu ní, “Bí mo ṣe ń kí i nìyí.” Ó kúnlẹ̀ tọjọ́ orí tọjọ́ orí, ó ń kì í. Olórí ìdílé kejì jókòó níwájú, mo rí i tí ètè rẹ̀ ń mì. Nígbà tí èémí màmá gé, òun ló gbà á, ó sì kì í dópin. Oríkì ilé wọn ni.

Olórí náà yíjú sí adájọ́. “Ọmọ wa ni wọ́n. A ò bá ọmọ wa ṣẹjọ́ mọ́.”

Àwọn àgbà ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Tiwa ò rí bẹ́ẹ̀: ilé la ti parí rẹ̀, a sì jọ pín gbà-má-bínú. Nínú ọkọ̀ tó ń gbé wa padà, bàbá mi ní, “Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ ò sọ fún mi látọjọ́ yìí?”

“O ò bi mí.”

“Mo ń bọ̀wọ̀ fún yín ni.”

Màmá di ọwọ́ rẹ̀ mú. “Mo mọ̀.”

Àwọn méjèèjì ti lọ báyìí, àárò wọn sì ń sọ mí gidi. Wọ́n fẹ́ràn ara wọn, wọ́n bọ̀wọ̀ fún ara wọn, ó sì kù díẹ̀ kí ìyá wọn àgbà sọ nù sínú ọ̀wọ̀ náà. Àwọn ọmọ mi ní mo ti ń sọ̀rọ̀ jù, pé ìtàn mi kì í tán. Kò burú. Mi ò ní dúró kí wọ́n tó bi mí.